Agolo Òróró Ìbọn Bàbá Mi

Nígbà tí mo ṣì kéré tó bẹ́ẹ̀ tí ẹsẹ̀ mi kì í kan ilẹ̀ bí mo bá jókòó sórí àga ilé ìdáná wa ní Peckham níbí, bàbá mi ní ìbọn kan. Ẹ má jẹ́ kí àyà yín já. Mo mọ̀ pé bí ènìyàn bá dárúkọ ìbọn àti Peckham pọ̀ lónìí, ọkàn ìyá kọ̀ọ̀kan á kọ́kọ́ sáré lọ bá ọmọ tirẹ̀, á sì máa wá fóònù. Kì í ṣe irú ìyẹn ni mò ń sọ. Ìbọn ìléwọ́ kékeré ni, ọlọ́pàá ti kọ ìwé àṣẹ lé e lórí, òfin ìlú yìí sì fàyè gbà á nígbà náà. Ẹ̀yin ọmọ ilé kéú wa tí ẹ ní kí n kọ nǹkan sílẹ̀ fún yín nípa ìgbà èwe mi, bóyá ọ̀rọ̀ oko tàbí odò lẹ ń retí. Mi ò mọ oko. Yàrá méjì tí a háyà nínú ilé onílé, òtútù, àti òórùn òróró ìbọn ní àárọ̀ Sọ́ńdè, ohun tí mo mọ̀ nìyẹn, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́hun lórí rẹ̀.

Kí bàbá mi tó wá sí ìlú yìí, iṣẹ́ ṣọ́jà ni wọ́n ṣe nílé. Wọn kì í ṣe ṣọ́jà tó ń lọ sójú ogun. Àwọn ni wọ́n ń tọ́jú ìbọn àwọn yòókù, wọ́n á tú u, wọ́n á nù ún, wọ́n á tò ó padà. Nígbà tí wọ́n dé Lọ́ńdọ̀nù, ibi tí wọ́n ti ń tún rélùwéè ṣe ni wọ́n ti rí iṣẹ́, orúkọ tí kì í ṣe tiwọn ni wọ́n sì ń pè wọ́n níbẹ̀, nítorí pé orúkọ wọn gan-an wúwo jù lẹ́nu ọ̀gá wọn. Ṣùgbọ́n bó bá ti di Sátidé, Bàbá á wọ kóòtù wọn tó dára, wọ́n á lọ sí kíláàbù kan lábẹ́ afárá rélùwéè, níbi tí àwọn èèyàn ti ń yìnbọn sí páálí tí wọ́n ya òbìrìkìtì sí. Níbẹ̀, ẹni tó bá mọ̀ ọ́n yìn ni ọ̀gá. Àwọn òyìnbó àgbàlagbà á dúró lẹ́yìn Bàbá, wọn á máa wo ọwọ́ Bàbá tí kì í gbọ̀n. Títí dòní, mi ò rò pé ìbọn gan-an ni bàbá mi fẹ́ràn. Ìrọ̀lẹ́ kan láàárín ọ̀sẹ̀ tí wọn á fi pè wọ́n ní orúkọ wọn ni wọ́n fẹ́ràn.

Àwa mẹ́rin là ń gbé nínú yàrá méjì náà. Bàbá, màmá mi tó jẹ́ nọ́ọ̀sì ní ilé ìwòsàn, èmi, àti àbúrò bàbá mi tó wá kẹ́kọ̀ọ́ nípa iná mànàmáná. Ọ́ńkù ni mo ń pè wọ́n. Ọ́ńkù sanra níwọ̀nba, wọ́n máa ń rẹ́rìn-ín, irun wọn sì pọ̀ bí igbó tí a kò ro rí. Ohun tó wà lóde nígbà náà nìyẹn, kí irun ọkùnrin dúró yíká orí bí fìlà ńlá. Nítorí irun yìí, Ọ́ńkù ní igò àdí àgbọn kan tí ìyá wọn fi rán ẹnì kan sí wọn láti ilé. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé nílé, bí omi ni àdí àgbọn ń rí. Ní Lọ́ńdọ̀nù, bí òtútù bá ti mú, á dì gbagidi bí ọ̀rá màlúù. Nítorí náà, ní gbogbo Sọ́ńdè, Ọ́ńkù á gbé igò náà sínú abọ́ omi gbígbóná nínú ilé ìdáná kí ó lè yọ́, wọ́n á lọ fá irùngbọ̀n wọn, wọ́n á padà wá da díẹ̀ sí àtẹ́lẹwọ́.

Àárọ̀ Sọ́ńdè kan náà ni Bàbá máa ń tọ́jú ìbọn wọn. Ẹ jẹ́ kí n sọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é, nítorí mi ò tíì rí ẹni tó ń ṣe nǹkan kan pẹ̀lú irú ìfarabalẹ̀ bẹ́ẹ̀ mọ́, àfi àwọn tó ń ṣe àlùwàlá dáadáa.

Lẹ́yìn ìrun Àsùbáà, wọ́n á tan ẹ̀rọ amúlémóoru tó ń lo kẹrosíìnì. Bí ilé ìdáná bá ti móoru, wọ́n á pa á, wọ́n á ṣí fèrèsé díẹ̀. Iná àti òróró kì í gbé ibi kan náà, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n máa ń wí. Wọ́n á tẹ́ ìwé ìròyìn àtijọ́ sórí tábìlì. Wọ́n á wá lọ sí yàrá, níbi tí àpótí irin wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, tí wọ́n fi ìdè irin mẹ́rin kàn mọ́ pákó ilẹ̀. Ọrùn wọn ni kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ ń gbé, kódà bí wọ́n bá ń wẹ̀. Àwọn ọta wà nínú àpótí mìíràn, wọn kì í gbé ọta wọ ilé ìdáná láéláé.

Bí wọ́n bá gbé ìbọn dé, wọn kò ní jókòó. Wọ́n á kọjú ẹnu rẹ̀ sí garawa yẹ̀pẹ̀ tí wọ́n gbé sí igun ògiri. Wọ́n á yọ ilé ọta, wọ́n á fa ẹ̀yìn ìbọn náà sẹ́yìn, wọ́n á yẹ inú rẹ̀ wò, wọ́n á ti ìka bọ̀ ọ́. Àwọn fúnra wọn ló yọ ọta inú rẹ̀ ní Sátidé, kò sì sí ẹlòmíràn tó ní kọ́kọ́rọ́. Síbẹ̀ wọ́n á pè mí.

"Kí lo rí níbẹ̀?"

"Òfìfo ni, sà."

"Tún un wò."

Màá tún un wò, láì fọwọ́ kàn án. Ìgbà yẹn ni Bàbá máa ń jókòó. Iṣẹ́ tèmi ni láti to àkísà, búrọ́ọ̀ṣì tó ní ọ̀pá gígùn, ìyẹ́ adìyẹ, àti agolo òróró sórí tábìlì kí wọ́n tó dé, kí n sì máa fà á lé wọn lọ́wọ́ lọ́kọ̀ọ̀kan. Wọ́n á ní, "Ọwọ́ rẹ kì í ṣe ti ìbọn, ti àkísà ni." Wọ́n á ti búrọ́ọ̀ṣì bọ inú ihò rẹ̀, wọ́n á fà á jáde, wọ́n á fi àkísà tẹ̀ lé e, títí àkísà á fi máa jáde ní funfun. Lẹ́yìn náà ni wọ́n á ti ìyẹ́ adìyẹ bọ agolo, wọ́n á fi kan ibi tó yẹ, wọ́n á sì nù ún kúrò bí ẹni pé wọn kò fi nǹkan kan sí i. Bí mo bá béèrè pé kí ló dé tí wọn ò da òróró náà púpọ̀, wọ́n á ní, "Ìbọn kì í ṣe dùńdú." Nígbà tó bá parí, wọ́n á tì í padà sínú àpótí, àwa méjèèjì á fi ọṣẹ fọ ọwọ́ wa dé ìgbọ̀nwọ́ kí ẹnikẹ́ni tó fọwọ́ kan búrẹ́dì.

Láàárín gbogbo èyí, Bàbá á máa sọ̀rọ̀. Ẹ gbọ́ mi yé: ní ọjọ́ mẹ́fà yòókù, bàbá mi kì í sọ ju gbólóhùn mẹ́ta lọ fún mi. "O ti kírun?" "O ti jẹun?" "Lọ sùn." Ṣùgbọ́n ní Sọ́ńdè, ọwọ́ wọn á máa ṣiṣẹ́, ẹnu wọn á sì tú. Wọ́n á sọ̀rọ̀ ìlú wa, ilé wa, bàbá tiwọn tó jẹ́ ọdẹ tó ń fi àdí pa ìbọn ìbílẹ̀ lára. Wọ́n ti sọ fún mi láti ìbẹ̀rẹ̀ pé ọjọ́ tí ọwọ́ mi bá ti ṣe wàdùwàdù lórí tábìlì yẹn, ọjọ́ náà ni màá dìde kúrò lórí àga. Kò sí ohun tí mo bẹ̀rù ju ìyẹn lọ.

Ní Sọ́ńdè kan, nínú òtútù tó mú kíkankíkan, Màmá wà níbi iṣẹ́. Igò Ọ́ńkù wà nínú abọ́ omi gbígbóná rẹ̀ ní ẹ̀gbẹ́ síǹkì, Ọ́ńkù wà nínú balùwẹ̀, Bàbá sì wà ní yàrá, wọ́n ń ṣí àpótí. Mò ń to nǹkan sórí tábìlì bí ìṣe mi. Mo ṣí ìdérí agolo òróró kí ó lè rọrùn fún Bàbá, mo nawọ́ mú àkísà, apá súwẹ́tà mi sì gbá agolo náà. Kí n tó gbé e dìde, gbogbo rẹ̀ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ dà tán sórí ilẹ̀. Òróró yẹn kò sí ní àdúgbò wa. Bọ́ọ̀sì méjì ni Bàbá máa ń wọ̀ kí wọ́n tó débi tí wọ́n ti ń rà á.

Mo fi àkísà nu ilẹ̀, mo tẹ àkísà náà sábẹ́ èèpo iṣu nínú garawa ìdọ̀tí. Mo mi agolo, ìwọ̀nba táátààtá ló kù nídìí rẹ̀. Ni ojú mi bá lọ sí igò Ọ́ńkù. Àdí inú rẹ̀ ti yọ́, ó mọ́ gaara. Mo ní nínú ara mi pé òróró ni òróró, àti pé bí àdí bá dára fún ìbọn bàbá Bàbá, kí ni kò ní mú un dára fún ti Bàbá? Mo da àdí sínú agolo, mo dé e, mo gbé igò padà sínú omi. Nígbà tí Bàbá wọlé, mo ti jókòó, mo ká ọwọ́ lé itan.

Ọ̀fìnkìn ń ṣe Bàbá lọ́sẹ̀ yẹn, imú wọn dí, wọn kò gbóòórùn nǹkan kan. Ilé ìdáná móoru, àdí náà sì ń ṣàn bí òróró gidi. Wọ́n fi ìyẹ́ kàn án, wọ́n nù ún, wọ́n sọ ìtàn ìjàpá kan tó jẹ́ pé mi ò gbọ́ ìdajì rẹ̀. Wọ́n ti ìbọn mọ́nú àpótí. Mo ní ó ti tán.

Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, yìnyín bo gbogbo Peckham. Bàbá lọ sí kíláàbù wọn, ṣùgbọ́n wọ́n tètè padà, wọn kò sì gbé ìbọn wálé. Wọn kò bọ́ kóòtù. Wọ́n pe gbogbo wa sí ilé ìdáná, Màmá, Ọ́ńkù, àti èmi, wọ́n sì ròyìn ohun tó ṣẹlẹ̀ fún wa. Wọ́n ní bí àwọn ṣe na ìbọn sí páálí tí àwọn sì fà á, ó ta pẹ́, kò dún.

Bàbá ní, "Bí ìbọn bá kọ̀ báyìí, ohun tí òmùgọ̀ máa ń ṣe ni kó yí ojú rẹ̀ sọ́dọ̀ ara rẹ̀ láti wo ohun tó ṣe é. Ìgbà yẹn ló máa ń dún. Mo nà án síwájú, mo dúró. Mo kà dé ọgọ́ta. Ọwọ́ mi gbọ̀n, èmi tí ọwọ́ mi kì í gbọ̀n."

Lẹ́yìn náà, wọ́n yọ ọta, ọkùnrin tó ń darí kíláàbù bá wọn tú ìbọn. Ọ̀rá funfun ló wà nínú rẹ̀, ó ti dì mọ́ irin tó yẹ kó ta ọta náà, kò jẹ́ kí ó ta á dáadáa. Ọkùnrin náà ní kí Bàbá fi ìbọn sílẹ̀ lọ́dọ̀ àwọn títí wọn yóò fi mọ ẹni tó ṣe é, nítorí pé bí ẹlòmíràn bá ń fọwọ́ kan ìbọn nílé, ọlọ́pàá gbọ́dọ̀ gbọ́, ìwé àṣẹ á sì lọ.

Bàbá ṣí kọ́bọ́ọ̀dù, wọ́n gbé agolo òróró jáde, wọ́n mì í. Kò ró. Wọ́n dojú rẹ̀ dé, ẹ̀kán kan kò jáde. Wọ́n gbé e kalẹ̀ síwájú Ọ́ńkù.

"Ta ló ni àdí àgbọn nínú ilé yìí?"

"Èmi ni mo ni ín, ẹ̀gbọ́n mi. Ṣùgbọ́n èmi kọ́ ni mo dà á síbẹ̀."

"O tọrọ òróró yìí lọ́wọ́ mi fún ṣéènì kẹ̀kẹ́ rẹ, mo ní mi ò fún ọ."

"Bẹ́ẹ̀ ni. Ẹ ní ẹ ò fún mi, mo sì gbà. Kẹ̀kẹ́ náà ṣì ń ké bí ọmọ tí ebi ń pa. Gbogbo àdúgbò ló mọ̀ bí mo bá ti ń bọ̀."

Màmá fi ọwọ́ bo ẹnu. Bàbá kò rẹ́rìn-ín.

"Mi ò bá ọ ṣeré. O mú òróró mi, o sì fi òróró orí rẹ dípò rẹ̀. Mo lè kú lónìí. Sọ òótọ́ báyìí, mo ti dárí jì ọ́. Bí o kò bá sọ ọ́, kó ẹrù rẹ lọ́la. Ilé tí ìbọn bá wà, irọ́ kò gbọdọ̀ gbé ibẹ̀."

Ọ́ńkù ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé kí n purọ́ kí n lè dúró ni ẹ fẹ́?"

Bàbá wá yíjú sí mi. "Nígbà tí o gbé agolo yìí sórí tábìlì, ǹjẹ́ o rí ohun kan tó yàtọ̀ lára rẹ̀?"

Mo ní, "Rárá, sà."

Ẹ̀yin ọmọ mi, gbólóhùn kékeré ni. Títí di òní, bí mo bá rántí bó ṣe yọ́ jáde lẹ́nu mi wẹ́rẹ́, mo máa ń tọrọ àforíjì lọ́dọ̀ Ọlọ́hun.

Ibi tí Ọ́ńkù fẹ́ kó lọ ni yàrá ọ̀rẹ́ wọn kan ní Lewisham, níbi tí gíláàsì fèrèsé ti fọ́ tí wọ́n fi páálí dí i. Nínú òtútù yẹn. Ìdánwò ńlá wọn kò sì ju ọ̀sẹ̀ mélòó kan lọ. Mo gbọ́ tí Màmá ń bẹ Bàbá nínú yàrá ní ìrọ̀lẹ́, tí Bàbá sì ń dáhùn pé àwọn kò lé ẹnikẹ́ni, irọ́ ló lé e.

Ní àárọ̀ Sọ́ńdè, kò sí ìwé ìròyìn lórí tábìlì, kò sí àkísà. Mo kírun Àsùbáà lẹ́yìn Màmá. Nígbà tí mo ka Fátíà dé ibi tí a ti ń bẹ Ọlọ́hun pé kí ó fi ọ̀nà tààrà hàn wá, ọ̀rọ̀ tó kù fò lórí mi. Èmi tí mo ti ń kà á láti ọmọ ọdún mẹ́rin. Mo dúró síbẹ̀, Màmá sì ti tẹ̀ba ní rúkúù. Mo kàn tẹ̀ lé wọn ni, mi ò rí ìyókù kà.

Lẹ́yìn oúnjẹ, mo lọ dúró sẹ́nu ọ̀nà yàrá Ọ́ńkù. Wọ́n ń ká ṣẹ́ẹ̀tì sínú àpótí, wọ́n sì ń kọrin sínú bí ẹni tó ń lọ sí ìsinmi.

"Wọlé. Bá mi mú kọ́ọ̀mù yẹn."

Mo mú un fún wọn. Wọ́n gbé igò àdí sókè síbi ìmọ́lẹ̀ fèrèsé. Wọ́n ti fi pẹ́ńsù fa ìlà sí i lára.

"Wo ìlà yìí. Èmi ni mo fà á, nítorí pé igò yìí gbọ́dọ̀ tó mi títí ẹlòmíràn á fi ti ilé dé. Sọ́ńdè tó kọjá, nígbà tí mo jáde ní balùwẹ̀, ó ti fi ìka méjì dín. Màmá rẹ wà níbi iṣẹ́. Bàbá rẹ kì í fi àdí pa orí." Wọ́n wo irun mi. "Irun tìẹ náà kò sì dán."

Mo jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì wọn. "Ọ́ńkù, ẹ ti mọ̀?"

"Láti àná, bí wọ́n ṣe gbé agolo yẹn kalẹ̀."

"Kí ló dé tí ẹ ò sọ?"

Ọ́ńkù ká ṣẹ́ẹ̀tì mìíràn kí wọ́n tó dáhùn. "Bí èmi bá sọ ọ́, wọ́n á ní òpùrọ́ ń ti ẹrù sí ọmọdé lọ́rùn. Bí wọ́n bá tiẹ̀ gbà mí gbọ́, èmi ni mo mú ọ, kì í ṣe ìwọ lo wá jẹ́wọ́. Bí ìwọ bá sọ ọ́, ìyẹn yàtọ̀. Mi ò ní fipá mú ọ o. Aago méjì ni bọ́ọ̀sì mi."

Wọ́n padà sídìí àpótí wọn, wọ́n tún bẹ̀rẹ̀ sí í kọrin sínú.

Mi ò mọ bí mo ṣe sọ̀ kalẹ̀. Bàbá nìkan ló jókòó ní ilé ìdáná, wọ́n gbé ọwọ́ méjèèjì lé orí tábìlì tí kò sí nǹkan lórí rẹ̀. Mi ò lọ sí àga mi. Mo kúnlẹ̀ sórí ilẹ̀ tí mo da òróró sí.

"Bàbá, èmi ni."

"Ìwọ ni kí ni?"

"Mo gbá agolo lulẹ̀. Òróró dà nù. Mo fi ti Ọ́ńkù dípò rẹ̀. Mo fi àkísà pamọ́ sábẹ́ èèpo iṣu."

Mò ń dúró de ìgbátí. Ohun tí wọ́n bi mí lẹ́yìn-ọ̀-rẹyìn ni pé, "Ǹjẹ́ o fọwọ́ kan ìbọn?"

"Rárá, sà."

"Ìka kan péré ńkọ́?"

"Rárá, Bàbá. Mo fi Ọlọ́hun búra."

Wọ́n mí kanlẹ̀. Wọ́n ní, "Bí o bá sọ fún mi lọ́jọ́ náà gan-an, ǹ bá bínú títí dìgbà oúnjẹ ọ̀sán. Ó tán nìyẹn." Wọ́n dìde, wọ́n gba ẹ̀gbẹ́ mi kọjá, wọ́n gun àtẹ̀gùn lọ.

Ọ́ńkù ti jáde sórí àtẹ̀gùn pẹ̀lú àpótí wọn. Mo yọjú láti ìsàlẹ̀. Bàbá di ọwọ́ àpótí náà mú, Ọ́ńkù náà kò jọ̀wọ́ rẹ̀.

"Gbé e sílẹ̀."

"Ẹ̀gbọ́n mi, bọ́ọ̀sì á lọ."

"Mo ní gbé e sílẹ̀. Mo ṣì ọ́ mú. Mo pè ọ́ ní ohun tí o kò jẹ́, lójú ìyàwó mi àti lójú ọmọ mi. Jọ̀ọ́, má bínú."

Láyé mi, mi ò tíì gbọ́ kí Bàbá sọ "jọ̀ọ́" fún ẹni tó kéré sí wọn. Ọ́ńkù náà kò gbọ́ ọ rí, nítorí wọ́n ju àpótí sílẹ̀, wọ́n sì dọ̀bálẹ̀ lójú àtẹ̀gùn tóóró yẹn, wọ́n dorí kodò, ẹsẹ̀ wọn wà lókè. Àpótí yí gbirigbiri wá bá mi nísàlẹ̀. Màmá sáré jáde láti yàrá pẹ̀lú ìgbálẹ̀ lọ́wọ́.

"Ta ló ṣubú?"

Ọ́ńkù dáhùn láti ibi tí wọ́n nà sí, "Kò sẹ́ni tó ṣubú, ìyàwó wa. À ń kíra wa ni."

Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, Bàbá mú mi dání lọ sí kíláàbù wọn. Wọn kò gbẹnu mi sọ̀rọ̀. Èmi fúnra mi ni mo dúró níwájú ọkùnrin tó ń darí ibẹ̀, òyìnbó àgbà kan tí irun funfun wà ní etí rẹ̀, mo sì sọ ohun tí mo ṣe fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ó kọ ọ́ sínú ìwé. Ó béèrè lọ́wọ́ Bàbá bóyá ọwọ́ mi kan ìbọn rí, Bàbá ní kò kàn án. Ó ní láti ìsinsìnyí lọ, agolo òróró náà gbọ́dọ̀ máa wọ inú àpótí irin pẹ̀lú ìbọn. Bàbá ní òótọ́ ni, ó yẹ kí àwọn ti ṣe bẹ́ẹ̀ tipẹ́. Bàbá, tí wọ́n mọ̀ nípa ìbọn ju gbogbo wọn lọ, gbà níwájú èmi ọmọ wọn pé ibi kan wà tí àwọn náà kò ti ṣọ́ra tó. Ọkùnrin náà dá ìbọn wọn padà.

Èmi san tèmi. Oṣù mẹ́ta ni mi ò fi jókòó sórí àga yẹn. Mo máa ń jókòó sí ọ̀ọ̀dẹ̀ ní Sọ́ńdè, màá máa gbọ́ bí búrọ́ọ̀ṣì ṣe ń lọ tó ń bọ̀, láìsí ìtàn kankan, nítorí kò sẹ́ni tí Bàbá ń sọ ọ́ fún. Nígbà tó yá, ní àárọ̀ ọjọ́ kan, mo gbọ́ ohùn wọn: "Ṣé èmi ni màá tún máa to àkísà fúnra mi ni?" Mo sáré wọlé. Ní ti Ọ́ńkù, Bàbá ra òróró ṣéènì fún kẹ̀kẹ́ wọn, agolo ńlá. Màmá ní ìdààmú tuntun nìyẹn, nítorí pé kò sẹ́ni tó ń mọ̀gbà tí Ọ́ńkù ń bọ̀ mọ́.

Ọ̀pọ̀ ọdún ti kọjá. Òfin yí padà, ìjọba ní kí gbogbo ẹni tó ní irú ìbọn bẹ́ẹ̀ kó o wá. Bàbá nu tiwọn fún ìgbà ìkẹyìn, wọ́n gbé e lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá, wọ́n gba ìwé ẹ̀rí, wọ́n sì wọ bọ́ọ̀sì wálé. Wọn kò ṣàròyé. Wọ́n ní bí ìlú bá ti fẹ́ kí àwọn ọmọ rẹ̀ sùn láìbẹ̀rù ìbọn, a jẹ́ kí wọ́n sùn. Nígbà tí Ọlọ́hun gba ẹ̀mí wọn, Ọ́ńkù ló wẹ̀ wọ́n, Ọ́ńkù ló dì wọ́n ní aṣọ funfun, tí wọ́n sì sọ̀ kalẹ̀ sínú sàréè láti gbà wọ́n. Mo dúró lókèèrè, mò ń rò ó pé díẹ̀ ló kù kí èmi ọmọ ọdún mẹ́sàn-án gba àbúrò yìí lọ́wọ́ bàbá mi. Alihamudu lilahi. Ọ́ńkù ń bẹ ní Forest Hill títí dòní, irun ti tán pátápátá lórí wọn, wọ́n sì ní ara tu àwọn báyìí.

Ayé ti yí padà o. Lórí Rye Lane lónìí, kò sí ṣọ́ọ̀bù tí ẹ ò ti ní rí àdí àgbọn rà. Ilé tí à ń gbé móoru láti òkè délẹ̀, olúkúlùkù sì ní yàrá tirẹ̀ àti ilẹ̀kùn tirẹ̀. Bí ọmọ ìgbà yìí bá ní ohun kan tó ń bà á lẹ́rù, tàbí tí ẹnì kan bá fún un ní ohun kan pé kó bá òun tọ́jú rẹ̀, ilẹ̀kùn wà tó lè tì. Àwa kò ní ilẹ̀kùn. Bóyá ìyẹn ló gbà wá là, mi ò mọ̀. Mo máa ń rí àwọn òbí ní mọ́ṣáláṣí wa tí ojú wọn ti rẹ̀, tí wọ́n ń wá ọ̀rọ̀ tí wọ́n máa bá ọmọ wọn sọ, mo sì máa ń rí àwọn ọmọ náà lẹ́bàá ìloro, tí ọ̀rọ̀ wà lọ́fun wọn tí kò jáde.

Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ mọ̀ ni pé ìbínú àgbà kì í pẹ́ tó bí ẹ ṣe rò. Kí ohun tó dà nù lọ́wọ́ yín tó dì, ẹ wá bá wa, ẹ jókòó, ẹ sọ ọ́. Bí ẹ bá pẹ́ jù, ẹlòmíràn á ti máa di ẹrù rẹ̀.